Ilé Wẹ́dà Kọ̀, Kò Ká

"Ẹ̀yìn ilé lẹ kó ẹrù yín sí, Màámi."

"Iwájú ilé ni mo kó o sí."

"Ẹ̀yìn ni. Ibi tí fèrèsé wà ni iwájú."

"Ṣé ojú fèrèsé lo máa ń gbà wọlé ni?"

Wẹ́dà ní ọ̀rọ̀ ibi téèyàn ń gbà wọlé kọ́ nìyí. Ìyá rẹ̀ ní òun gan-an lọ̀rọ̀, pé láti ìgbà tí wọ́n ti ń kọ́lé fún ọmọ èèyàn, ibi tí ẹnu ọ̀nà bá wà ni wọ́n ń pè níwájú. Wẹ́dà ní ilé oníbíríkì nìyẹn, pé ilé kíká bíi tiwọn kò ní iwájú, kò ní ẹ̀yìn, bí wọ́n bá ṣe nà án ró ló ṣe wà. Ìyá rẹ̀ ní tí kò bá ní iwájú, tí kò sì ní ẹ̀yìn, kí ló dé tó fi ní ẹ̀yìn lòun kó ẹrù sí. Wẹ́dà fọwọ́ nu ẹnu, ó tún bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀.

Ẹrù tí wọ́n ń torí ẹ̀ jà kò ju àpò aṣọ kan, ìkòkò kékeré kan, àti ìrọ̀rí tí ìyá náà kì í jẹ́ kí ẹlòmíì fọwọ́ kàn.

Inú ilé ni ìyàwó Wẹ́dà wà ní tiẹ̀, ó ń fi aṣọ di àwo. Iṣẹ́ aránṣọ ló ń ṣe, Aránṣọ náà sì ni gbogbo àdúgbò ń pè é. Ó ń gbọ́ wọn ketekete, torí ògiri ilé kíká kò lè pa àṣírí mọ́: páànù fẹ́lẹ́ méjì ni, fóòmù ló wà láàárín wọn bíi bọ́tà láàárín búrẹ́dì. Kì í ṣe ìjà wọn ló ń já a láyà. Ìró ọkọ̀ ńlá tó ti ń kùn lẹ́nu títì ló ń já a láyà.

Ọ̀gá Ẹ-ká-a-pọ̀ ti wá sọ ọ́ lánàá. Orúkọ tí wọ́n fún ọkùnrin náà nìyẹn, torí kò sí ohun míì tó máa ń jáde lẹ́nu rẹ̀ tó bá ti gbé gbohùngbohùn sẹ́nu: ẹ ká a pọ̀, ẹ ká a pọ̀. Ó ní onílẹ̀ fẹ́ gba ilẹ̀ rẹ̀. Ọkọ̀ ń bọ̀ lọ́la. Ilé tó bá ti ká, wọ́n á gbé e lọ sí ilẹ̀ tuntun, wọ́n á sì fún àwọn tó ni ín ní ààyè tí wọ́n máa nà án sí. Ilé tó bá ṣì dúró nígbà tí ọkọ̀ tó kẹ́yìn bá ń lọ, katapílà ló máa bá a sọ̀rọ̀. Ẹni tí kò bá sì ní ilé lórí ọkọ̀, kò ní ààyè nílẹ̀ tuntun. Kò sí ẹ jọ̀ọ́ níbẹ̀, kò sí ẹ fojú fò ó.

Ilẹ̀ yìí kọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ na ilé náà sí. Òun kọ́ sì ni ìkejì.

Ká sòótọ́, àrà nilé náà. Níléeṣẹ́ ni wọ́n ti ṣe é tán, pẹlẹbẹ bí ìwé ni wọ́n gbé e wá, wọ́n fa ògiri rẹ̀ dìde, wọ́n gbé òrùlé lé e, ó di ilé kí ìrẹsì orí iná tó jinná. Bẹ́ẹ̀dì ń bọ́ sílẹ̀ láti ara ògiri. Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì yẹn ni tábìlì wà, tó fi jẹ́ pé tẹ́nì kan bá fẹ́ jẹun, ẹni tó ń sùn gbọ́dọ̀ dìde. Àpótí aṣọ ni àtẹ̀gùn, àtẹ̀gùn náà ni àga. Ẹni tó ya àwòrán ilé náà ti ro gbogbo nǹkan tán, àfi pé ó jọ pé òun ò ní ìyá. Ìyá Wẹ́dà ò rí ibòmíì nà sí ju ìdí ilẹ̀kùn lọ. Tó bá ti sùn, ẹni tó bá fẹ́ jáde lọ tọ̀ á fò ó kọjá, á sì tọrọ gáfárà lókè níbi tó ti ń fò.

Aránṣọ di àwo tán, ó gbé máṣìnì ìránṣọ rẹ̀ jáde, ó sì wo ìsàlẹ̀ ìlà ilé wọn. Ilé ń dùbúlẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Èyí á mí fùù, á tẹ̀, á di pẹlẹbẹ. Èyí tó tẹ̀ lé e náà á mí. Onígbàjámọ̀ tó múlé tì wọ́n dá nìkan ká tiẹ̀, bí ẹni ká ẹní, ó sì jókòó lé e lórí, ó ń jẹ búrẹ́dì. Gbogbo ìlà ti ń di pẹlẹbẹ, tiwọn nìkan ló ṣì nàró láàárín.

Ó bi ọkọ rẹ̀ pé sípánà ńkọ́. Ọkọ rẹ̀ ní kó jẹ́ kóun kọ́kọ́ yanjú ọ̀rọ̀ tó wà láàárín òun àti Màámi.

Bẹ́ẹ̀ ni Wẹ́dà kì í ṣe ọ̀lẹ. Iṣẹ́ irin jíjó tó ń ṣe ni wọ́n fi ń pè é ní Wẹ́dà; tó bá sì jẹ́ ọ̀rọ̀ irin ni, òun ni wọ́n máa ń bá níbẹ̀ kí wọ́n tó pè é. Ohun tó wá ń ṣe é láàárọ̀ yìí tó fi dúró sójú kan tó ń bá ìyá ẹ̀ jà lórí fèrèsé, Aránṣọ ò mọ̀ ọ́n. Ó lọ mú sípánà fúnra ẹ̀. Ó tú bóòtù òrùlé. Onígbàjámọ̀ pa búrẹ́dì tì, òun àti ọkùnrin méjì kan sì bá a sọ òrùlé kalẹ̀. Ó wá fi èjìká ti ògiri bí wọ́n ṣe máa ń tì í, kó lè tẹ̀ wọnú.

Ògiri ò mì.

Ó tún tì í. Onígbàjámọ̀ bá a tì í. Ó dà bí ìgbà tí wọ́n ń ti báńkì.

Aránṣọ bá kúnlẹ̀ láti wo ìdí ògiri, níbi tí oríkèé irin tó máa ń jẹ́ kó tẹ̀ wà. Kò sí oríkèé mọ́. Ìlà irin jíjó ló wà níbẹ̀, ó tò tẹ̀léra tẹ̀léra bí ìpẹ́ ẹja, ó mọ́, ó ń dán, kò wọ́ níbì kankan. Bó ṣe rí i ló mọ ọwọ́ tó ṣe é, bí òun náà ṣe máa ń dá ojú abẹ́rẹ́ òun mọ̀ lára aṣọ ẹni tó ń lọ lójú títì. Ó rá lọ sí ìkejì. Wọ́n ti jó o. Ó yí lọ sódìkejì ilé. Oríkèé mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, kò sí èyí tó ṣẹ́kù.

Ó pe ọkọ rẹ̀, kò sì pariwo.

"Bàbá Agbẹjọ́rò."

Agbẹjọ́rò ni ìnagijẹ ọmọ wọn obìnrin, torí kò sí ohun tí wọ́n máa ní kó ṣe tí kò ní kọ́kọ́ béèrè pé ta ló sọ bẹ́ẹ̀. Wẹ́dà mọ ohùn tí ìyàwó rẹ̀ fi pè é. Ó fi ìyá rẹ̀ sílẹ̀, ó wá, ó dúró, ó ń wo ìdí ògiri bí ẹni pé òun náà ṣẹ̀ṣẹ̀ rí i.

Ó ní ògiri ló máa ń dún. Ó ní tí atẹ́gùn bá ti ń fẹ́, ńṣe lògiri á máa gbọ̀n jìgìjìgì bí eyín ẹni tí òtútù ń mú, pé Màámi ò lè sùn. Láti ibi tí Màámi jókòó sí, wọ́n ní kí ẹnikẹ́ni má fi orúkọ àwọn jẹ́rìí, àwọn ò ní kó jó nǹkan kan. Wẹ́dà ní ó dáa, kì í ṣe torí Màámi nìkan. Ó ní ilé tó bá ń ká kì í ṣe ilé, agboòrùn ni, òun ò sì lè máa gbé abẹ́ agboòrùn pẹ̀lú aya àti ọmọ. Ó ní òun rò ó pé tí wọ́n bá dé tí wọ́n rí i pé kò ká, wọ́n á fi í sílẹ̀ síbi tó wà. Kí ni wọ́n fẹ́ ṣe? Ṣé wọ́n máa gbé ohun tí kò ṣe é gbé ni?

"Katapílà ò ní gbé e," Aránṣọ sọ. "Ó máa gorí ẹ̀ ni."

Wẹ́dà bẹ̀rẹ̀, ó fi ìka nu eruku kúrò lórí irin tó jó.

Kò pẹ́ tí ọ̀rọ̀ fi dé ẹnu gbogbo ìlà. Obìnrin tó ń ta ọṣẹ ní òun ti ń rò ó tipẹ́, pé ilé wo ni kì í dún nínú ìjì. Ẹnì kan ní bóyá ọtí ló mu. Ẹlòmíì ní tó bá jẹ́ ọtí ni, kò lè gún régé tó báyìí. Onígbàjámọ̀ ló wá dìde dúró níwájú Wẹ́dà, ó na ọwọ́ méjèèjì, ó ń dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹ̀. Ó rán an létí pé lọ́jọ́ tí ìyàwó rẹ̀ lọ sọ́jà, òun rí i tó ń jó irin nídìí ògiri, òun rò pé ńṣe ló ń tún un ṣe, òun sì bẹ̀ ẹ́ kó bá òun jó tòun náà, ó sì kọ̀ jálẹ̀, ó ní òun ò ní ráyè.

"Mo bínú sí ọ nígbà yẹn," ni Onígbàjámọ̀ wí. "Mo pè ọ́ ní ahun lẹ́yìn. Ọlọ́run á máa bù kún ahun rẹ, ọ̀rẹ́ mi."

Àwọn èèyàn rẹ́rìn-ín. Aránṣọ náà fẹ́ẹ̀ rẹ́rìn-ín, àmọ́ èyí tí wọ́n ń pè ní alápá ti ń bọ̀. Ọkọ̀ ńlá ni, ó ní apá irin gígùn kan tó fi ń gbé ilé tó ti ká, á gbé e sókè, á tò ó lé orí tẹ̀ǹtẹ̀ bí ẹni to páálí. Ó ti kó ìlà àkọ́kọ́ tán.

Máṣìnì tí Wẹ́dà fi ń gé irin wà nílẹ̀, ṣùgbọ́n wọ́n ti já iná àdúgbò láti ìdájí, kí ẹnikẹ́ni má bàa rò pé ó ṣì ku ọ̀sẹ̀ kan fóun. Aránṣọ rántí jẹnẹrétọ̀ kékeré tí Onígbàjámọ̀ fi ń gẹrun. Onígbàjámọ̀ ní òun ìbá yá wọn tayọ̀tayọ̀, ṣùgbọ́n jẹnẹrétọ̀ ti lọ pẹ̀lú ọkọ̀ àkọ́kọ́, ó wà lábẹ́ mátírẹ́ẹ̀sì òun, mátírẹ́ẹ̀sì wà lábẹ́ ilé ẹlòmíì. Ó sọ ọ́ pẹ̀lú ìbànújẹ́ tòótọ́, ó sì padà sídìí búrẹ́dì rẹ̀.

Ìgbà yẹn ni Màámi ní ebi ń pa àwọn.

Kò sí àwo nílẹ̀ mọ́, wọ́n ti di gbogbo ẹ̀. Aránṣọ ṣí ìkòkò ìrẹsì, ó gbé e síwájú wọn lórí máṣìnì ìránṣọ, Màámi àti Agbẹjọ́rò ń fi ìdérí bu jẹ. Màámi tọ́ ọ wò, wọ́n ní iyọ̀ kò dé e. Aránṣọ ò gbọ́. Ó ti wọnú àpótí irinṣẹ́ ọkọ rẹ̀ lọ, ó ń wá ayùn irin.

Ó rí i, ó sì gbé e fún ọkọ rẹ̀. Ọkọ rẹ̀ ká ọwọ́ sẹ́yìn. Ó ní irú iṣẹ́ tó wà nídìí ògiri yẹn, òun ò ṣe irú ẹ̀ fún ẹni tó ń sanwó rí, ọwọ́ tó jó o ò ní gé e. Ó ní kó jẹ́ kí Ọ̀gá dé, òun máa bá a sọ ọ́ kó yé e.

Ọ̀gá Ẹ-ká-a-pọ̀ dé lóòótọ́, òógùn ti mu ẹ̀wù rẹ̀ dé ìbàdí. Ó wo ilé, ó wo Wẹ́dà, ó sì gbé gbohùngbohùn sẹ́nu, bó tilẹ̀ jẹ́ pé àwọn méjèèjì ò jìnnà síra ju ìdúró ẹni tó ń bọ ara wọn lọ́wọ́ lọ.

"Ẹ ká a pọ̀."

Wẹ́dà ní kò ní ká. Ó ní ṣé Ọ̀gá fẹ́ gbọ́ òótọ́? Wọ́n ti kó àwọn kúrò lórí ilẹ̀ tó wà lẹ́bàá odò. Wọ́n ti kó àwọn kúrò lẹ́yìn ọjà. Wọ́n tún ń kó àwọn kúrò níbí. Ṣé wọ́n máa ń ṣe bẹ́ẹ̀ fún ẹni tó ní ilé oníbíríkì? Wọn ò jẹ́ dán an wò, wọ́n mọ̀ pé wàhálà ni.

"Torí pé ilé tiwa mọ ìrìn," Wẹ́dà wí, "ẹ ò jẹ́ kó jókòó."

Gbogbo ìlà yíjú sí i. Kódà Onígbàjámọ̀ gbé búrẹ́dì kúrò lẹ́nu. Aránṣọ náà mọ̀ pé òótọ́ ni, pé kò sí ẹni tó ti sọ ọ́ báyẹn rí, ó sì dùn mọ́ ọn díẹ̀ pé ọkọ òun ló sọ ọ́. Alápá sì tún gbé ilé méjì kúrò nílẹ̀ níbi tí wọ́n ti ń wò ó yẹn.

Ọ̀gá sọ gbohùngbohùn sílẹ̀. Ó wá fi ẹnu lásán sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ kéré ju bí wọ́n ṣe rò. Ó ní ilé kíká lòun náà ń gbé, òun àti ìdílé òun, lẹ́yìn ọ́fíìsì, àárọ̀ yìí lòun ká tòun. Ó ní òun kọ́ lòun ni ilẹ̀. Tí òun bá ti kó ìlà méjì tó kù tán, òun ń padà bọ̀. Ó gbé gbohùngbohùn sẹ́nu, ó ń lọ, ó ń sọ fún àwọn ilé tó ti ká tipẹ́ pé kí wọ́n ká a pọ̀.

Wẹ́dà yíjú sí ìyàwó rẹ̀. "O rí i? Kò rí nǹkan kan sọ."

Láti ìgbà tí Aránṣọ ti fẹ́ ẹ, 'ẹ̀yin' ló ń pè é. "Ìwọ," ló wí báyìí, "bọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan." Ó kúnlẹ̀, ó gbé ayùn lé oríkèé àkọ́kọ́, ó bẹ̀rẹ̀ sí í gé e.

Kò gé irin rí. Ayùn ń yọ̀, ó ń ta, ó ń ké bí ológbò. Wẹ́dà ká apá mọ́ra, ó ń wò ó, ó ń rẹ́rìn-ín músẹ́. Ó wò ó díẹ̀ sí i. Ẹ̀rín náà ń tán lọ lójú rẹ̀. Ayùn tún ké, ó wá dijú bí ẹni tí eyín ń dùn.

"Aṣọ kọ́ lò ń gé. Má fà á báyẹn."

"Báwo ni kí n ṣe fà á?"

"Mi ò ní sọ fún ọ. Ṣé èmi ni mo ní kó o gé e?"

Ó tún fà á, ó sì burú ju ti tẹ́lẹ̀ lọ.

"Na apá rẹ tán," Wẹ́dà wí. "Tó o bá ń tì í síwájú ni kó o tẹ̀ ẹ́, tó bá ń bọ̀ lẹ́yìn kó o fúyẹ́. O máa pa ayùn mi."

Ó na apá. Ó tẹ̀, ó fúyẹ́. Irin bẹ̀rẹ̀ sí í bu bí ìyẹ̀fun sórí ilẹ̀. Wẹ́dà ní kò burú, ṣùgbọ́n ó ń gé e wọ́. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, ó fọwọ́ tọ́ orí ayùn sọ́nà. Kò pẹ́, ọwọ́ rẹ̀ wà lórí ọwọ́ ìyàwó rẹ̀. Kò pẹ́ sí i, ọwọ́ rẹ̀ nìkan ló wà níbẹ̀. Agbẹjọ́rò, tí ìrẹsì kún ẹnu rẹ̀, béèrè lọ́wọ́ Màámi pé ṣé Dádì ò ní àwọn ò ní gé e ni.

"Mi ò gé e," ni Wẹ́dà wí, irin sì ń bu lábẹ́ ọwọ́ rẹ̀ wuruwuru. "Mò ń kọ́ ìyá rẹ níṣẹ́ ni."

Oríkèé àkọ́kọ́ já. Ó ní ẹ̀kọ́ ìkejì ló kàn. Aránṣọ ń da omi sójú ayùn kó má gbóná jù, ojú rẹ̀ wà lọ́nà. Ìlà tó kẹ́yìn ló kù fún alápá. Òógùn ń já lórí irin. Nígbà tí ìkejì já, ògiri apá ọ̀tún mí fùù, ó dùbúlẹ̀ wọnú ilé gẹ́gẹ́ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ, àwọn tó ń wò patẹ́wọ́, Wẹ́dà sì wò wọ́n bí ẹni tí wọ́n bú.

Ìkẹta le. Ibẹ̀ ni Wẹ́dà jó jù, torí apá ibẹ̀ ni atẹ́gùn ti máa ń wá. Alápá fọn fèrè. Ìkẹta já. Wẹ́dà kọjá sí ìkẹrin, kò tíì gé e dé ìdajì tí ojú ayùn fi kán, pau. Ó di èékù mú, ó ń wò ó.

Kò sí ayùn míì. Ọ̀gá ń bọ̀.

Aránṣọ dìde, ó fi èjìká kọ ògiri. Onígbàjámọ̀ wá, obìnrin ọlọ́ṣẹ wá, àwọn ọkùnrin méjì wá. Wọ́n tì í. Irin tí Wẹ́dà jó ò gbà, páànù ló gbà: ògiri ya láàárín, gbàràà, fóòmù funfun tú síta. Apá kan dùbúlẹ̀. Apá kejì dúró sórí oríkèé tó kù yẹn, ó nàró sókè gangan bí ọwọ́ ọmọ iléèwé tó mọ ìdáhùn.

Ọ̀gá Ẹ-ká-a-pọ̀ dé, ó wò ó, ó fi ìka yún orí. Alápá ti gbé apá rẹ̀ wálẹ̀, awakọ̀ ń béèrè pé kí lòun máa ṣe. Ọ̀gá ní ohun tó ká lòun lè gbé, òun ò lè gbé ohun tí kò ká. Ó wá yíjú sí Wẹ́dà tó jẹ́ baálé ilé.

"Ṣé ó ká, àbí kò ká?"

Aránṣọ mọ ohun tó ń bọ̀. Ó wo ojú ọkọ rẹ̀, ó fi ojú bẹ̀ ẹ́, ó fi orí bẹ̀ ẹ́. Gbogbo òwúrọ̀ ni ọkùnrin náà ti ń wá ẹni tó máa bi òun ní ìbéèrè tí ìdáhùn rẹ̀ wà lọ́wọ́ òun. Ó gbé àyà sókè.

"Kò ká," ni Wẹ́dà wí. "Ẹ ṣáà wò ó."

"Ó ká," ni Aránṣọ wí.

"Kò ká. Ṣé ẹ ò rí èyí tó nàró ni?"

"Ọ̀gá, ó ká. Ẹ bá mi gbé e."

Ọ̀gá ń wo èyí, ó ń wo tọ̀hún. Awakọ̀ ní tí wọ́n bá ń ṣeré ìdílé, òun ń lọ o. Ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í fa apá irin náà padà sókè. Aránṣọ di okùn tó so rọ̀ lábẹ́ rẹ̀ mú, kò jẹ́ kó lọ, ẹsẹ̀ rẹ̀ fẹ́rẹ̀ẹ́ kúrò nílẹ̀.

Màámi gbé ìdérí ìkòkò kalẹ̀. Wọ́n dìde pẹ̀lú ìrọ̀rí lábíyá, wọ́n rọra rìn dé ìdí ilé náà, wọ́n sì jókòó lé orí apá tó ti dùbúlẹ̀, wọ́n tẹ́ ìdí dáadáa.

"Ó ká," ni Màámi wí. "Èmi ni mo bí eléyìí. Mo ti mọ̀ ọ́n láti kékeré, tó bá ti pàdánù, á ní òun ló jẹ. Ẹ gbé e lọ, ọmọ mi, ilẹ̀ ń gbóná."

Ọ̀gá mí kanlẹ̀. Ó tẹ̀ ẹ́ wò pẹ̀lú ẹsẹ̀ kan bí ẹni tẹ kẹ̀kẹ́ tí kò ní atẹ́gùn, ó sì gbé gbohùngbohùn sẹ́nu kí awakọ̀ lè gbọ́.

"Ó ká."

Wọ́n so okùn mọ́ ọn. Wọ́n ní kí Màámi sọ̀kalẹ̀, Màámi ní kí ni wọ́n fẹ́ kí àwọn sọ̀kalẹ̀ sí, wọ́n sì bẹ Màámi títí tí Màámi fi sọ̀kalẹ̀. Ilé lọ sókè, ó ń yí, ògiri tó ya ń mì lójú ọ̀run, fóòmù ń já bọ́ lára ẹ̀ sórí gbogbo ènìyàn. Ọ̀gá sọ fún Aránṣọ pé wọn ò ní ògiri míì tí wọ́n máa fún un lọ́hùn-ún, kó wá nǹkan fi dí i. Aránṣọ ní òun ti gbọ́. Ó wo ojú sánmà. Òjò ti ṣú díẹ̀ níhà ibi tí wọ́n ń lọ.

Ó gun ẹ̀yìn ọkọ̀, ó fa Màámi sókè, ó fa ọmọ, ó gbé máṣìnì ìránṣọ sáàárín ẹsẹ̀. Ó sì na ọwọ́ sí ọkọ rẹ̀.

Wẹ́dà ò gbà á. Ó ní òun ò ní gun ọkọ̀ tó gbé irọ́. Ó ní ṣé wọ́n rí ògiri yẹn? Látàárọ̀ lòun ti ń sọ pé kò ní ká, gbogbo ìlú tì í, kò ká, ayùn kán, kò ká. Onígbàjámọ̀ ní ó dáa, Wẹ́dà, o jẹ. Wẹ́dà ní kó tún un sọ, Onígbàjámọ̀ sì tún un sọ.

Ọkọ̀ ṣí. Aránṣọ di ògiri tó ya mú kí atẹ́gùn má bàa gba ìyókù lọ. Nígbà tí wọ́n bọ́ sí títì, wọ́n kọjá lára ọkọ rẹ̀ tó ń fẹsẹ̀ rìn lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọ̀nà, ojú ayùn tó kán wà lọ́wọ́ rẹ̀, ó ń fi í nàka sí ògiri tó nàró lókè ọkọ̀ fún àwọn tí kò mọ̀ rí. Eruku bò ó. Nígbà tó jáde nínú eruku náà, kò sáré, kò wẹ̀yìn, ó na àyà, ó ń ju apá, ó ń tẹ̀ lé ọkọ̀ lọ bí onílé.